Ẹ Bi Wá, Ká Dá Yín Lóhùn: Fad Gadget, Ọkùnrin Tó Sọ Dírììlì Di Ohun Èlò Orin

Nínú ẹ̀dà tó kọjá, William Onyeabor ará Enugu àti àwọn kíbọ́ọ̀dù ńláńlá rẹ̀ la kọ̀wé nípa wọn. Nígbà tí ọ̀rọ̀ ń lọ sópin, a dárúkọ Gẹ̀ẹ́sì kan, Fad Gadget, a ní òun náà ń fi ẹ̀rọ ṣe orin, títí kan dírììlì, nígbà kan náà ní London. Gbólóhùn kan péré ni, àmọ́ ìbéèrè tó tẹ̀ lé e kò kéré. A ti da àwọn tó jọra pọ̀, a sì ti yọ ìkíni kúrò kí àyè lè gba ìdáhùn.

Ta ni Fad Gadget gan-an? Mo béèrè lọ́wọ́ àwọn tó ń ta orin ní Pànṣẹ́kẹ́, wọ́n ní àwọn ò gbọ́ orúkọ náà rí.
*Ọ̀rẹ́ Olórin, Pànṣẹ́kẹ́*

Wọn ò jẹ̀bi. Ní London gan-an, ọ̀pọ̀ ni kò mọ̀ ọ́n. Francis John Tovey lorúkọ àbísọ rẹ̀, Frank ni wọ́n ń pè é. Bow, ní ìlà-oòrùn London, ni wọ́n bí i sí ní 8 Oṣù Kẹsàn-án 1956. Ó lọ sí Leeds Polytechnic, ó kọ́ iṣẹ́ ọnà níbẹ̀, ó sì fi ọkàn sí eré tí òṣèré kì í la ẹnu, tó jẹ́ pé ojú, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ ló fi ń ròyìn. Ẹ fi èyí sọ́kàn, torí òun ló ṣàlàyé ìdajì ohun tó ń ṣe lórí ìtàgé. Ilé ẹ̀kọ́ yẹn náà ni Marc Almond àti Dave Ball, àwọn méjèèjì tó dá ẹgbẹ́ olórin Soft Cell sílẹ̀, ti jáde.

Lọ́dún 1978, ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Daniel Miller fi kíbọ́ọ̀dù Korg 700S àti ẹ̀rọ téèpù TEAC gba orin méjì sílẹ̀ nínú ilé. Ó fi orúkọ The Normal gbé e jáde, ó sì pe ilé-iṣẹ́ àwo rẹ̀ ní Mute. Tovey ni olórin àkọ́kọ́ tí Miller gbà mọ́ra lẹ́yìn ara rẹ̀. "Back to Nature" ti Fad Gadget, tó jáde ní 1979, ni àwo kejì tí Mute tẹ̀. "Ricky's Hand" dé ní 1980, àwo ńlá mẹ́rin sì tò tẹ̀ lé ara wọn: Fireside Favourites ní 1980, Incontinent ní 1981, Under the Flag ní 1982, Gag ní 1984.

Lẹ́yìn Gag, ó pa orúkọ Fad Gadget tì, ó ń lo orúkọ ara rẹ̀. Ibí yìí lọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń ṣìnà: bí ẹ bá fi orúkọ kan ṣoṣo wá a lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ìdajì iṣẹ́ rẹ̀ lẹ máa rí. Orúkọ Frank Tovey ló wà lára Snakes and Ladders (1986), Civilian (1988), àti Tyranny and the Hired Hand (1989) tó kún fún orin àtijọ́ àwọn lébìrà àti òṣìṣẹ́. Ní 2001 ó gbé orúkọ àtijọ́ dìde, ó ń ṣíde eré fún ẹgbẹ́ olórin Gẹ̀ẹ́sì, Depeche Mode, káàkiri Yúróòpù. Kò ju ọdún kan lọ lẹ́yìn ìyẹn, ní 3 Oṣù Kẹrin 2002, ọkàn tó ti ń yọ ọ́ lẹ́nu láti kékeré dá iṣẹ́ sílẹ̀. Ẹni ọdún 45 ni.

Ẹ ní ó fi dírììlì ṣe orin. Ṣé àwàdà ni? Bí kì í bá ṣe àwàdà, báwo làwa náà ṣe lè ṣe é? Ṣọ́ọ̀bù wẹ́dà ló yí ilé wa ká.
*Ayékòótọ́, Láfẹ́nwá*

Kì í ṣe àwàdà. Lára páálí "Ricky's Hand", wọ́n kọ dírììlì Black & Decker mọ́ àwọn ohun èlò tó lò. Orin náà dá lórí ọkùnrin kan tó mutí tán tó tún wakọ̀, ọwọ́ rẹ̀ sì gé bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì. Ẹ wá rí i pé ariwo irin tó ń jẹ nǹkan kì í ṣe ẹ̀ṣọ́ lásán níbẹ̀. Ohun tó ya Tovey sọ́tọ̀ lójú tiwa nìyẹn: ariwo kì í wọnú orin rẹ̀ láìní iṣẹ́ tó ń ṣe.

Fóònù ọwọ́ yín tó fún iṣẹ́ náà. Ohun tó kọ́kọ́ máa ń bà á jẹ́ ni pé fóònù rò pé ohùn ènìyàn lẹ fẹ́ gbà sílẹ̀. Ó ní ètò kan nínú tó ń pa ariwo ẹ̀yìn. Bó bá gbọ́ dírììlì, ariwo ẹ̀yìn ló máa kà á sí, yóò máa tẹ̀ ẹ́ rì, yóò tún máa fà á sókè, títí ohùn náà yóò fi dà bí èyí tó ń ti inú omi bọ̀. Ẹ wọ ibi ètò áàpù tí ẹ fi ń gba ohùn, kí ẹ pa ohun tó bá ń jẹ́ noise reduction àti auto gain. Bí kò bá sí ọ̀nà láti pa á, ẹ lo áàpù mìíràn tó lè gba ohùn ní WAV (fáìlì tí kì í gé ohùn dànù), 44,100 Hz. Ẹ má fi WhatsApp gbà á. Ó ti gé òkè ohùn dànù, òkè ohùn yẹn sì ni dírììlì fi ń jẹ́ dírììlì.

Ẹ gbé fóònù sí nǹkan bí 40 sẹ̀ǹtímítà sí irin tí wọ́n ń lu, lẹ́gbẹ̀ẹ́, kì í ṣe níbi tí mọ́tò ti ń fẹ́ atẹ́gùn. Àmì ìwọ̀n ohùn kò gbọdọ̀ kọjá -6. Bó bá kan 0, ó ti fọ́ nìyẹn, kò sí ohun tí ẹ máa fi tún un ṣe. Ẹ gba oríṣi mẹ́rin: dírììlì tó ń yí lófo, èyí tó wà nínú igi, èyí tó wà nínú páànù, àti ìgbà tí ọwọ́ ń tẹ ìfọwọ́tẹ̀ rẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí dé ìparí. Èyí tó gbẹ̀yìn ló wúlò jù, torí ohùn rẹ̀ ń ti ìsàlẹ̀ gòkè láìdúró, ẹ sì lè gé ohùn orin tó bá wù yín nínú rẹ̀.

Ẹ kó o wọ áàpù tí wọ́n fi ń gé orin: Audacity lórí kọ̀ǹpútà, ọ̀fẹ́ ni, tàbí BandLab lórí fóònù. Kí ó tó lè bá ìlù rìn, ẹ mú 60,000, kí ẹ fi iye ìlù tó wà nínú ìṣẹ́jú kan pín in. Orin tó ń rìn ní 120 ní ìlù tó gùn ní 500 mìlísẹ́kọ́ǹdì. Ìdajì rẹ̀ jẹ́ 250, ìdá mẹ́rin rẹ̀ sì jẹ́ 125. Ẹ gé dírììlì sí 125 tàbí 250 géérégé. Bó bá ń ta "pó" níbi tí ẹ ti gé e, ìgbì ohùn wà lókè nígbà tí ẹ gé e nìyẹn. Nínú Audacity, ẹ sàmì sí ibẹ̀, kí ẹ tẹ lẹ́tà Z, ibi ìgé yóò bọ́ sórí ìlà àárín. Lórí fóònù, ẹ jẹ́ kí ohùn wọlé kó sì jáde díẹ̀díẹ̀ láàárín mìlísẹ́kọ́ǹdì 5. Lẹ́yìn náà, ẹ gé gbogbo ohun tó wà nísàlẹ̀ 150 Hz kúrò lára dírììlì. Báàsì ló ni ìsàlẹ̀. Bí báàsì, ìlù ẹsẹ̀ (ìlù ńlá tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ lù) àti ariwo irin bá jọ dì mọ́ra níbẹ̀, sípíkà yóò kàn máa gbọ̀n ni, kò ní sọ nǹkan kan.

Lọ́dọ̀ wẹ́dà, iná tó ń ṣẹ́ yẹn kò ní ohùn tó tó nǹkan. Ẹ̀rọ tó ń gé irin àti òòlù ni kí ẹ lọ bá. Bí a bá sì ń wá ohun tó jẹ́ ti Abẹ́òkúta pọ́nńbélé, ẹ lọ sí ibi tí wọ́n ti ń fi igi lu àdìrẹ kó lè dán: igi wúwo, aṣọ nínípọn, ọwọ́ tí kì í yẹ̀. Ìlù ẹsẹ̀ tó dára jù lẹ máa rí níbẹ̀, ẹ ò ní san kọ́bọ̀, àfi kí ẹ tọrọ àyè lọ́wọ́ àwọn tó ni í.

Yamaha PSR-E453 ni mo ń tẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ṣé ó lè mú irú ohùn yẹn jáde, àbí kí n lọ wá Korg rà?
*Atẹdùùrù, Aké*

Ẹ má ra nǹkan kan. Èyí tó le jù kò sí lára kíbọ́ọ̀dù, ọwọ́ yín ló wà. Korg 700S kì í dún ju ohùn kan ṣoṣo lọ lẹ́ẹ̀kan, bí ẹ fi ìka mẹ́wàá tẹ̀ ẹ́. Nítorí náà ọ̀kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń gbé orin náà kalẹ̀: ìlà báàsì kan, ìlà orin kan, ariwo kan, ìlù. Àwọn atẹdùùrù wa mọ kọ́ọ̀dù dì, wọ́n sì mọ bí wọ́n ṣe ń fi kọ́ọ̀dù àárín há àyè gbogbo. Gbogbo ìyẹn ni kí ẹ gbé sílẹ̀. Ẹ pa style, ìlù àti kọ́ọ̀dù tí kíbọ́ọ̀dù ń dá lù. Ẹ pa reverb (ìró bí ti inú gbọ̀ngàn) àti chorus (èyí tó ń mú ohùn nípọn). Ẹ pa touch response pẹ̀lú, torí ẹ̀rọ ayé ìgbà yẹn kò mọ̀ bóyá ẹ fi agbára tẹ̀ ẹ́ tàbí ẹ rọra fọwọ́ kàn án. Dídọ́gba ohùn yẹn ló fún orin náà ní ojú líle tó ní.

Ẹ mú ohùn kan láàárín àwọn synth (ohùn tí ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ dá), èyí tó bá jẹ mọ́ square tàbí saw, tí wọ́n jẹ́ orúkọ ìrísí ìgbì ohùn. Ẹ sọ ọ́ kalẹ̀ ní ọ́kítéfù kan fún báàsì. Bọ́tìnì yíyí A àti B lórí E453 lè di ti filter: A ń ṣí ohùn tàbí ń pa á dé, B ń mú un kan létí. Ẹ yí A sí òsì títí yóò fi ku ìdá mẹ́ta, kí ẹ gbé B kọjá ìdajì díẹ̀. Ẹ yí wọn padà sí attack (bí ohùn ṣe ń pẹ́ kó tó wọlé) àti release (bó ṣe ń pẹ́ kó tó parẹ́), kí ẹ mú méjèèjì wálẹ̀. Ẹ wá máa tẹ ohùn kan náà ní dọ́gbadọ́gba, mẹ́jọ nínú báà kan, kí ẹ máa fi ọwọ́ kejì yí filter díẹ̀díẹ̀. Tó bá ṣú yín láàárín ìṣẹ́jú méjì, ẹ ti ń súnmọ́ ọn.

Ẹni tó ní kọ̀ǹpútà lè gba Surge XT, synth inú kọ̀ǹpútà, lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ fi sí mono (ohùn kan lẹ́ẹ̀kan), ìgbì saw kan, filter low-pass (tó ń gé òkè ohùn) ti 24 dB, attack 0, decay (bí ohùn ṣe ń wálẹ̀) 250 mìlísẹ́kọ́ǹdì, sustain (ibi tó dúró sí) 20 nínú 100, release 60. Ohun tó máa ń bà á jẹ́ ni release tó gùn, torí ohùn kan á máa gun ẹ̀yìn èkejì. Èkejì ni sípíkà Bluetooth: ohùn máa ń pẹ́ kó tó jáde débi pé ọwọ́ yín àti etí yín ò ní bára wọn mu mọ́. Wáyà ni kí ẹ lò. Ní ti ẹ̀rọ ìlù, ẹ pa swing rẹ̀, èyí tó ń jẹ́ kí àwọn ìlù kan fà sẹ́yìn díẹ̀. A mọ̀ pé ara ọmọ Yorùbá yóò fẹ́ ju agogo àti ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ sí i. Ẹ mú ọ̀kan, kí ẹ fi èkejì sílé.

Ọmọ mi ra kíbọ́ọ̀dù tòkunbọ̀ àtijọ́ tó wá láti Japan. Bó ṣe kì í bọ iná báyìí, èéfín yọ. Ṣé ayédèrú ni wọ́n tà fún un?
*Ìyá Olórin, Ìtòkú*

Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ojúlówó. Iná ilé ní Japan jẹ́ 100 V, tiwa lé ní ìlọ́po méjì rẹ̀. Ti Amẹ́ríkà jẹ́ 120. Èyí tí wọ́n ṣe fún ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bá tiwa mu. Ẹ̀yìn ẹ̀rọ ni wọ́n ń kọ ọ́ sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wáyà ń wọ̀, ẹ sì gbọ́dọ̀ kà á kí owó tó kúrò lọ́wọ́.

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tún kì í bọ iná láti "dán an wò". Kí atúnrédíò kọ́kọ́ wo fíúsì, lẹ́yìn náà tìráńsífọ́mà inú, daódù mẹ́rin tó tẹ̀ lé e, àti kàpásítọ̀ ńlá tó máa ń wú lórí. Lọ́pọ̀ ìgbà, ibẹ̀ ni ìbàjẹ́ dúró sí, bọ́ọ̀dù ohùn kò ní nǹkan kan. Nígbà tó bá ti jí, ẹ ra tìráńsífọ́mà tó ń sọ iná wa di 100 V gan-an. Èyí tí wọ́n kọ 110 sí lára ń fún un ní àjùlọ lójoojúmọ́. Fún ẹ̀rọ tó ń jẹ 30 wáàtì, ẹ ra ti 100 wáàtì kó má baà gbóná.

Bó bá jẹ́ pé ádápítọ̀ ló ń lò, ẹ wo àwòrán róbótó kékeré tó ní + àti - lára rẹ̀. Yamaha fi + sí àárín. Ọ̀pọ̀ Casio àtijọ́ fi - sí àárín. Orí wáyà méjèèjì lè wọ ihò kan náà dáadáa, ẹ̀rọ á sì kú.

Ẹ̀rọ àtijọ́ tún ní ìwà kan: ooru ń yí ohùn rẹ̀ padà, torí àwọn tìràǹsísítọ̀ tó ń pinnu ohùn kì í ṣiṣẹ́ bákan náà nígbà tí wọ́n bá tutù àti nígbà tí wọ́n bá gbóná. Ẹ tàn án fún ìṣẹ́jú 30 kí ẹ tó tún ohùn rẹ̀ ṣe, kí ẹ má sì dojú fáànù kọ ọ́. Jẹnẹrétọ̀ kékeré tó ń mí sókè sódò yóò dá kún un; sitabiláísà kò ṣeé fojú fò.

Orin Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo èyí. Bí a bá fẹ́ fi Yorùbá kọ ọ́ ńkọ́? Èyí tí mo gbìyànjú ń dún bíi ti ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá.
*Akéwì, Ọbáńtókò*

Ìbéèrè tó dùn mọ́ wa jù nìyí, a ó sì jókòó tì í. Ohùn Tovey kò fẹ̀. Ó máa ń sọ̀rọ̀ ju bó ṣe ń kọrin lọ, lórí ohùn mẹ́ta tàbí mẹ́rin. Àléébù làwọn kan kà á sí, àmọ́ fún ẹni tó fẹ́ fi Yorùbá ṣe é, àǹfààní ńlá ni. Ẹ fi ohùn Alison Moyet, olórin obìnrin tó gberin fún un nínú Under the Flag, wé tirẹ̀: ti Moyet ń fò, tirẹ̀ ń rìn nílẹ̀. Èdè wa fẹ́ràn èyí tó ń rìn nílẹ̀.

Ohun tó ṣe tiyín ni pé ẹ kọ́kọ́ ṣe orin, ẹ wá ń wá ọ̀rọ̀ tí ẹ máa tì wọ inú rẹ̀. Ẹ yí i padà. Ẹ kọ ìlà kan sílẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn, kí ẹ kà á sókè bí ewì, lọ́ra. Ẹ wá fún ohùn ìsàlẹ̀ ní l tó wà lábẹ́ d, ohùn àárín ní d, ohùn òkè ní m. Ẹ wo ìlà yìí: "Iná ti lọ, ẹ̀rọ ò dúró." Yóò di d m d d, l d l m m. Ẹ tẹ̀ ẹ́ lórí kíbọ́ọ̀dù láìla ẹnu, ẹ máa gbọ́ ọ̀rọ̀ náà. Báàsì lè dúró sórí d láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kó lọ sí l níbi "ẹ̀rọ", ó parí. Kì í ṣe dandan kí ohùn òkè máa jẹ́ m títí ayé: nínú ìlà kejì ẹ lè sọ ọ́ di s, kí àárín di m, kí ìsàlẹ̀ di d. Ohun tó gbọdọ̀ dúró ni ẹni tó ga ju ẹnì kejì lọ, kì í ṣe iye tó fi ga.

Glide, tí àwọn kan ń pè ní portamento, ni ohun kejì. Lórí synth tí kì í dún ju ohùn kan lọ, ẹ fi sí 60 sí 80 mìlísẹ́kọ́ǹdì, kí ẹ má gbé ìka kan kúrò kí èkejì tó balẹ̀. Ohùn á bẹ̀rẹ̀ sí í yọ̀ láti ìsàlẹ̀ dé òkè bí ìyáàlù dùndún nígbà tí alùlù fún ọṣán. Bí glide bá kọjá 150, ó ti di ẹni tó mutí yó.

Ẹ ṣọ́ra fún áàpù tó ń tún ohùn akọrin ṣe. Bí ẹ bá fi sí èyí tó yára jù, yóò gé yíyọ̀ tó wà láàárín ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ kúrò, yíyọ̀ yẹn sì ni etí wa fi ń mọ ọ̀rọ̀. Nígbà tí wọ́n bá gé e, olùgbọ́ á máa bi ara rẹ̀ pé kí lẹni yìí ń wí. Ẹ dín yíyára rẹ̀ kù, tàbí kí ẹ pa á pátápátá.

Mo gbọ́ pé Depeche Mode ló ń ṣíde eré fún un tẹ́lẹ̀. Kí ló dé tí wọ́n di olówó, tí òun ò dà nǹkan kan?
*Olùkọ́ Fẹ̀yìntì, Kútọ̀*

Òótọ́ ni apá àkọ́kọ́. Nígbà tí 1980 ń parí lọ, ní Bridge House, Canning Town, Depeche Mode ló kọ́kọ́ gorí ìtàgé kí Fad Gadget tó dé. Miller wà níbẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà, ó gbọ́ wọn, ó gbà wọ́n. Ní 1981 "Just Can't Get Enough" dé ipò 8 nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Irú ẹ̀rọ kan náà ni wọ́n lò. Sítúdíò kan náà ni, Blackwing, tó wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì kan tí wọn ò lò fún ìsìn mọ́. Nítorí náà ẹ má di ẹ̀bi ru ẹ̀rọ.

Ègbè ni. Ẹ gbọ́ orin Depeche Mode yẹn lẹ́ẹ̀kan, ẹ lè máa kọ ọ́ lọ sọ́jà. Tovey kì í fún ènìyàn ní irú ègbè bẹ́ẹ̀, ó sì ń kọrin nípa ọwọ́ tó gé, ìbọn, ara tí ènìyàn ń fá. Rédíò ọ̀sán wo ni yóò gbé e? Bí àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ bá sì ti mọ ibi tó ń lọ, ó ti yà. Under the Flag, tó kọ lásìkò ogun Falklands láàárín ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Argentina, ló súnmọ́ etí gbogbo ènìyàn jù. Àwo tó tẹ̀ lé e, Gag, ó lọ gbà á sílẹ̀ ní sítúdíò Hansa ní Berlin, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ Einstürzende Neubauten tó ń fi irin àti páìpù ṣe orin sì bá a dá sí "Collapsing New People". Gag ló dára jù lójú tiwa, òun náà ló sì fi ti ilẹ̀kùn.

Ní ti owó, àṣà Mute ni pé wọ́n á yọ ìnáwó, wọ́n á pín èrè sí méjì dọ́gba. Àdéhùn tó dáa ni, ó dáa ju ohun tí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ńlá ń ṣe lọ. Àmọ́ ìdajì owó kékeré, kékeré náà ni. "Kò dà nǹkan kan" tí ẹ kọ yẹn, a ò gbà á wọlé.

Ṣé òótọ́ ni pé ó máa ń ṣe bí wèrè lórí ìtàgé? Ẹgbẹ́ wa fẹ́ dán irú rẹ̀ wò.
*Àwọn Ọ̀dọ́ Mẹ́rin, Abẹ́òkúta*

Ó máa ń fi fóòmù ìfárùngbọ̀n kun ara, ó máa ń fa irun ara rẹ̀ tu, ó máa ń bẹ́ sáàárín èrò. Lára páálí Gag, àwòrán tí Anton Corbijn yà fi hàn pé ọ̀dà àti ìyẹ́ bò ó. Ẹ rántí pé ó kọ́ṣẹ́ fífi ara sọ̀rọ̀ kó tó dé ibẹ̀.

Iná mànàmáná ni kí ẹ bẹ̀rù. Jẹnẹrétọ̀ tí kò ní áàtì, ọwọ́ tútù àti máìkì onírin: ibẹ̀ ni ètè ti ń ta ṣíṣí, ibẹ̀ náà ni ènìyàn ti ń kú. Ẹ jẹ́ kí gbogbo ẹ̀rọ mu iná láti orí bọ́ọ̀dù kan ṣoṣo tí wọ́n ri áàtì rẹ̀ mọ́lẹ̀, kí ẹ fi tẹ́sítà kan ẹnu máìkì kí ẹnikẹ́ni tó fi ẹnu kàn án. Ẹni tó máa kun fóòmù, máìkì aláìníwáyà ni kó lò. Bí ìlù bá ń ti inú fóònù jáde, ẹ gbé fóònù sí airplane mode, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ ẹ̀gbọ́n yín á pè láàárín orin. Ẹ fi ìlù àti báàsì sí apá ọ̀tún, kí ẹ fi ohùn tó ń ka ìlù sí apá òsì, fún etí alùlù nìkan.

Ṣé mo lè gé díẹ̀ nínú "Back to Nature" sínú orin mi? Ẹni tó kọ ọ́ ti kú.
*DJ, Sápọ́n*

Rárá o. Ẹ̀tọ́ méjì ló wà níbẹ̀. Lábẹ́ òfin Nàìjíríà ti 2022, ẹ̀tọ́ orin tí ó kọ wà fún 70 ọdún lẹ́yìn ọdún tó kú, ìyẹn títí dé òpin 2072. Ẹ̀tọ́ ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀ wà fún 50 ọdún lẹ́yìn ọdún tó jáde: òpin 2029 níbí, òpin 2049 nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ti ń lo 70. Orin tí ẹ bá sì gbé sórí íntánẹ́ẹ̀tì kò dúró sí Sápọ́n. Ẹ gba dírììlì tiyín sílẹ̀.

Èwo ni ká kọ́kọ́ gbọ́, dátà mélòó ni yóò jẹ?
*Ọ̀pọ̀ òǹkàwé*

"Ricky's Hand" ni kó ṣíwájú, "Back to Nature" kó tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà Gag láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ẹ fi Incontinent sílẹ̀ di ìgbà tí ẹ bá ti mọ́ ọn lára. Àkójọ The Best of Fad Gadget tó jáde ní 2001 tó fún ẹni tí kò fẹ́ wá káàkiri. Bí áàpù yín bá ń fún yín ní 96 kbps, wákàtí kan jẹ́ nǹkan bí 43 MB. Ní 160 ó jẹ́ 72. Ní 320 ó jẹ́ 144. Èyí tó wà láàárín ti tó fún àwo ayé ìgbà náà. Ẹ fi hẹ́dífóònù oníwáyà gbọ́ ọ, torí sípíkà ẹ̀yìn fóònù kì í fẹ́ gbé ohun tó bá wà nísàlẹ̀ 200 Hz, báàsì ẹ ò sì ní gbọ́ níbẹ̀.